Bàbá Àgbà àti Ilé Ọta Tí Kò Wọ́n

Lẹ́yìn ikú Bàbá Àgbà, ọ̀rọ̀ kan náà ni gbogbo ẹni tó wá kí wa ní Padova ń sọ. Àwọn àlejò á jókòó, wọ́n á mi orí, wọ́n á ní ẹni ire ni Bàbá. Tí wọ́n bá wá mu omi tán, ẹnì kan á rẹ́rìn-ín músẹ́, á ní, "Ṣùgbọ́n Bàbá háwọ́ o!" Gbogbo ilé á sì bú sẹ́rìn-ín.

Mo ti ń ro ọ̀rọ̀ náà wò láti ìgbà yẹn. Ìṣirò ni mo kà ní yunifásítì ní Ìbàdàn kí n tó wá bá wọn ní Ítálì, mi ò sì fẹ́ràn kí a sọ ohun kan mọ́ ènìyàn láì yẹ̀ ẹ́ wò. Ahun kì í fún ènìyàn ní nǹkan. Bàbá Àgbà ń fúnni. Àwọn ni wọ́n sanwó ọkọ̀ òfuurufú mi. Àwọn náà ni wọ́n ra bàtà òtútù fún mi ní ọ̀sẹ̀ tí mo dé, bàtà gidi sì ni. Ohun tí Bàbá Àgbà kò lè fara dà ni kí a sanwó fún orúkọ. Mi ò mọ ibi tí èyí ti hàn kedere ju ọ̀rọ̀ ilé ọta lọ, nítorí náà ibẹ̀ ni mo máa gbà sọ irú ẹni tí wọ́n jẹ́.

Guardia giurata ni Bàbá Àgbà, ìyẹn sikiọ́rítì tó ń gbé ìbọn. Wọ́n wá sí Ítálì láti kàwé nígbà tí bàbá mi ṣì kéré, ìwé náà kò parí, iṣẹ́ ló kù, wọ́n sì di ọmọ ìlú kí n tó gbọ́njú. Ẹnu ọ̀nà báńkì kan ni wọ́n ń dúró sí lójú ọ̀sán. Owó ara wọn ni àwọn sikiọ́rítì ibẹ̀ fi ń ra ìbọn ìléwọ́ wọn. Inú àpótí irin tẹ́ẹ́rẹ́ kan ni a ń to ọta irú ìbọn bẹ́ẹ̀ sí, tí a ó wá tì í bọ inú ọwọ́ ìbọn láti ìsàlẹ̀. Sípíríǹgì tó wà nídìí àpótí náà á máa ti ọta sókè lọ́kọ̀ọ̀kan. Caricatore ni àwọn ará Ítálì ń pè é. Ilé ọta ni Bàbá Àgbà ń pè é. Ọ̀kan ṣoṣo ló bá ìbọn wọn wá láti ilé iṣẹ́ tó ṣe é. Ẹni tó bá fẹ́ òmíràn á lọ rà á, èyí tó ní orúkọ ilé iṣẹ́ náà lára sì wọ́n bí wúrà. Àmọ́ àwọn ilé iṣẹ́ kéékèèké kan wà tí wọ́n ń ṣe irú rẹ̀, tó ń wọ inú ìbọn kan náà, tí owó rẹ̀ kò tó ìdajì.

Lọ́dọọdún, sikiọ́rítì gbọ́dọ̀ lọ yìnbọn ní poligono, ìyẹn pápá ìyìnbọn, níwájú direttore tó jẹ́ olórí ibẹ̀, kí wọ́n tó sọ ìwé àṣẹ ìbọn rẹ̀ di tuntun. Bí kò bá yege, kò sí ìwé. Bí kò bá sí ìwé, kò sí báńkì. Ní ọdún tí mò ń sọ yìí, ó ku díẹ̀ kí Bàbá Àgbà fẹ̀yìn tì. Bí iṣẹ́ náà bá bọ́ kí àkókò tó pé, kò sí ẹni tó máa gba bàbá tó ti lé lọ́gọ́ta ọdún sí iṣẹ́ míì. Àwa mẹ́ta ni à ń gbé yàrá kan ní òpópónà via Anelli: Bàbá Àgbà, Mọ́mì Àgbà ìyàwó wọn, àti èmi tí mo ṣì ń wá iṣẹ́. Orí ìbọn yẹn ni oúnjẹ gbogbo wa dúró lé.

Renzo ló ń bá wọn jiyàn jù. Ọmọ Padova ni, òun àti Bàbá Àgbà ni wọ́n jọ ń dúró ní báńkì, "Nonno" ló sì máa ń pè wọ́n, bí ẹni ń pe bàbá àgbà tirẹ̀. Èdè Ítálì ni wọ́n ń sọ, èmi ni mo ń yí i padà síbí.

"Nonno, original ni original," ni Renzo wí lọ́jọ́ kan tí mo gbé oúnjẹ lọ fún wọn. "Ṣé ẹ̀mí yín lẹ fẹ́ fi dín owó kù ni?"

"Mú tìrẹ wá. Ka ohun tí wọ́n kọ sí i lára."

Renzo kà á, orúkọ ńlá, pẹ̀lú ìgbéraga.

"Ó dáa. Orúkọ tí o kà yẹn, ṣé òun ló ń ti ọta sókè?"

Renzo wo ojú mi, bóyá kí n bá a dá sí i.

"Orúkọ ò ti nǹkan kan sókè rí," ni Bàbá Àgbà wí. "Sípíríǹgì ló ń tì í."

Ẹ má rò pé ohun tó bá ti pọ́ọ́kú ni wọ́n ń gbà. Mo tẹ̀ lé wọn lọ sí Pordenone rí, níbi tí obìnrin kan tó ń jẹ́ signora Bruna ti ní ṣọ́ọ̀bù ìbọn kékeré kan. Bàbá Àgbà ní kí ó kó gbogbo ilé ọta tí kò lórúkọ tó ní jáde sórí tábìlì, wọ́n wá ń ṣà á bí ẹni ń ṣa tòmátì. Wọ́n fi àtàǹpàkò ra ètè ọ̀kọ̀ọ̀kan, níbi tí ọta ń gbà jáde, kí wọ́n lè mọ èyí tó wọ́ àti èyí tó mú jù. Wọ́n tẹ pẹpẹ kékeré tí ọta ń jókòó lé, wọ́n jọ̀wọ́ rẹ̀, wọ́n ń wò ó bóyá ó ń gòkè tààrà tàbí ó ń fì sápá kan bí ọ̀mùtí. Wọ́n gbé ojú ibi tí wọ́n ti jó irin náà pọ̀ sún mọ́ iná. Lẹ́yìn náà ni signora Bruna jẹ́ kí wọ́n tì í bọ inú ìbọn wọn tí ó ṣófo, kí wọ́n tẹ bọ́tìnnì, kí wọ́n wò ó bóyá á jábọ́ fúnra rẹ̀ tàbí wọ́n ní láti fà á. Ọ̀kan wà tó dán, tó sì lẹ́wà ju gbogbo wọn lọ, àmọ́ kò jábọ́. Mo ní ẹ̀wà rẹ̀ pọ̀ o.

"Jẹ́ kó máa lẹ́wà lọ," ni wọ́n wí. "Èyí tí mo bá ní láti bẹ̀ kó tó jáde, kò ní gbọ́ tèmi lọ́jọ́ tí ojú bá ń kán mi."

Lẹ́yìn tí wọ́n sanwó tán ni ohun tó mú kí n fẹ́ wọlẹ̀ ṣẹlẹ̀. Bàbá Àgbà kò kúrò níwájú tábìlì. Wọ́n na ọwọ́ sílẹ̀, wọ́n ń rẹ́rìn-ín sí signora Bruna. Èènì ni wọ́n ń bèèrè. Ní ṣọ́ọ̀bù ìbọn. Ní Pordenone. Obìnrin náà rò pé ṣéńjì ni kò pé, ó tún un kà. Bàbá Àgbà ní ó pé. Ó bi wọ́n bóyá rìsíìtì ni wọ́n ń fẹ́. Wọ́n ní ó wà lọ́wọ́ wọn. Wọ́n wá ní, "Signora, nígbà tí ẹ bá ra ẹran lọ́wọ́ alápatà, ṣé kì í gé díẹ̀ lé e?"

"Ẹran nìyẹn, signore! Kí ni mo fẹ́ gé lé irin?"

"Ẹ wò ó dáadáa. Ẹ kò ní ṣàìrí nǹkan kan."

Ó wo ojú wọn títí, ó wọ inú lọ, ó mú àkísà tuntun tí a fi ń nu ìbọn jáde, ó jù ú sórí tábìlì bí ẹni tí wọ́n jà lólè. Nígbà tí a tún padà lọ lẹ́yìn oṣù mélòó kan, kí Bàbá Àgbà tó ṣílẹ̀kùn tán ni signora Bruna ti gbé ìgò kékeré kan síwájú, epo ìbọn, ó ní, "Giunta yín nìyí, kí ẹ má tún nawọ́ sí mi." Giunta ni wọ́n ń pe èènì. Mo bi wọ́n nínú ọkọ̀ ojú irin pé kí ni wọ́n fẹ́ fi àkísà ṣe, nígbà tí àkísà kún ilé.

"Ta ló ń sọ ti àkísà? Mo fẹ́ kó dá mi mọ̀ ni."

Ó yẹ kí n sọ ti ọkọ̀ ojú irin náà pẹ̀lú, nítorí pé òdodo kò gbọdọ̀ gba apá kan. Mo jókòó lọ́jọ́ kan, mo ṣírò owó tí à ń ná láti Padova lọ sí Pordenone àti àbọ̀ rẹ̀, mo fi wé ohun tí wọ́n ń rí dín kù lórí ilé ọta. Èrè náà kéré débi pé tí a bá mu kọfí ní ibùdókọ̀, ó ti tán. Mo gbé e síwájú wọn pẹ̀lú ọ̀wọ̀. Wọ́n wò ó, wọ́n ní ìṣirò mi dáa, wọ́n ní mo gbọ́n. Wọ́n wá fi bàtà wọn sẹ́sẹ̀.

"Àbẹ̀kẹ́, o ò ṣírò signora Bruna mọ́ ọn."

Mọ́mì Àgbà gbọ́ gbólóhùn yìí láti ìdí sítóòfù. "Ẹ̀n-ẹ́n?" ni wọ́n wí. "Èló ni signora Bruna, Bàbá Túndé?" Túndé ni bàbá mi. Bàbá Àgbà yára jáde nílé lọ́jọ́ náà ju bí mo ti rí i tẹ́lẹ̀ lọ.

Bàbá Àgbà náà ṣe àṣìṣe nígbà kan. A lọ kí ará ìjọ kan ní Torino, a gba inú ọjà àlòkù kan kọjá, Bàbá Àgbà sì rí ilé ọta kan nínú agbọ̀n, láàárín ìdè ilẹ̀kùn àti ṣíbí. Owó rẹ̀ kò tó ti ife kọfí. Wọn kò yẹ ètè rẹ̀ wò, wọn kò tẹ pẹpẹ rẹ̀, ayọ̀ kò jẹ́. Nígbà tí wọ́n gbé e dé poligono, ọta tí wọ́n fi sí i ń tú jáde lẹ́nu rẹ̀ bí ọmọ tó kọ ẹ̀kọ. Renzo rẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó sílẹ̀. Ó bi wọ́n bóyá wọ́n ṣì ní orúkọ kò wúlò. Bàbá Àgbà kò bínú. Wọ́n gbé e wálé, wọ́n ń fi í dá ilẹ̀kùn dúró nígbà tí afẹ́fẹ́ bá ń fẹ́.

"Mo ní kó má wọ́n," ni wọ́n sọ fún Renzo. "Mi ò ní kó má wúlò."

Èyí tó bá wọlé tuntun kì í tíì lórúkọ. Bí wọ́n bá ra ilé ọta, àwọn nìkan ló ń lò ó, ní poligono nìkan, kò gbọdọ̀ tẹ̀ lé wọn lọ sí báńkì. Nígbà tó bá ti ṣiṣẹ́ lóríṣiríṣi ọ̀nà tí ọkàn wọn fi balẹ̀, wọ́n á tọrọ ọ̀dà èékánná Mọ́mì Àgbà, wọ́n á kán an sí i nídìí, wọ́n á fún un lórúkọ. Èyí tó bá ìbọn wá ń jẹ́ Ọ̀gá. Àwọn tó tẹ̀ lé e ni Fẹ̀sọ̀, tí sípíríǹgì rẹ̀ rọ̀ díẹ̀, àti Agídí, tó máa ń há lọ́wọ́ nígbà tí a bá ń to ọta sí i àmọ́ tí kì í há nínú ìbọn. Mo bi wọ́n pé ṣé a kì í sọmọ lórúkọ ní ọjọ́ kẹjọ ni.

"Ọmọ ènìyàn nìyẹn. A ti mọ bàbá rẹ̀. Èyí, ìwà rẹ̀ ni mo fẹ́ kọ́kọ́ rí."

Ohun kan wà tí mo rò pé wọ́n ṣì í. Bàbá Àgbà gbà pé bí sípíríǹgì bá pẹ́ lábẹ́ ọta, ó máa ń rẹ̀ ẹ́. Renzo ní kò rí bẹ́ẹ̀, pé títẹ̀ àti jíjọ̀wọ́ ló ń ba sípíríǹgì jẹ́, kì í ṣe dídúró sójú kan. Mi ò rí ẹni tó fi ẹ̀rí tó tẹ́ mi lọ́rùn ti ẹnikẹ́ni nínú àwọn méjèèjì lẹ́yìn, àmọ́ bí wọ́n bá ní kí n tẹ̀ síbì kan, Renzo ni mo máa tẹ̀ sí. Bàbá Àgbà kò yí padà. Ní gbogbo ọjọ́ ìsinmi, wọ́n á tú ọta inú Fẹ̀sọ̀ àti Agídí sílẹ̀, wọ́n á tì í mọ́ inú àpótí irin tí wọ́n ń tọ́jú ìbọn sí, pẹ̀lú ìbọn àti Ọ̀gá, wọ́n á sì tẹ́ àwọn méjèèjì sínú agolo bísíkíìtì lórí kọ́bọ́ọ̀dù kí wọ́n lè sinmi.

"Èmi náà kì í ṣiṣẹ́ lọ́jọ́ Sunday. Kí ni irin ṣe?"

Ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ti kan Mọ́mì Àgbà. Mọ́mì Àgbà ti ṣáájú Bàbá Àgbà lọ, ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ sọ yìí kò lè dùn wọ́n mọ́, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ mi ò ní sọ ọ́. Wọn kò fẹ́ràn ìbọn nílé rárá. Àmọ́ ọkọ wọn ló ń gbé e, wọ́n sì ń ṣe ohun tí wọ́n mọ̀ ọ́n ṣe jù sí i: wọ́n ń fi òróró sí i. Ìgò òróró ólífì tí pásítọ̀ gbàdúrà sí kì í kúrò nínú báàgì wọn. Wọ́n ń fi í sí ilẹ̀kùn, wọ́n fi sí ìbọ̀wọ́ tí wọ́n fi ń ṣiṣẹ́ ìtọ́jú arúgbó, wọ́n fi sí bàtà mi ní gbogbo ìgbà tí mo bá ń lọ wá iṣẹ́. Wọ́n fi sí ẹ̀rọ ìfọṣọ tó ń jò. Ó ṣì ń jò, àmọ́ wọ́n ní ì bá ti burú jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Bí ìdánwò ọdún yẹn ti ń sún mọ́lé, ẹ̀rù bà wọ́n. Àpótí irin ní kọ́kọ́rọ́, kò sí lọ́wọ́ wọn. Agolo bísíkíìtì kò ní kọ́kọ́rọ́. Lẹ́yìn ìsìn ọjọ́ Sunday, bí Bàbá Àgbà bá ti ń sùn lórí àga, Mọ́mì Àgbà á ṣí agolo náà, wọ́n á gbàdúrà, wọ́n á sì da òróró sí ẹnu Fẹ̀sọ̀ àti Agídí. Kì í ṣe ẹ̀kán kan. Mọ́mì Àgbà kì í ṣahun òróró. Ní àkókò náà òtútù ń da àwọn òṣìṣẹ́ báńkì láàmú, Bàbá Àgbà ń gba turno, ìyẹn àsìkò iṣẹ́, ẹlòmíràn mọ́ tiwọn, ọ̀sẹ̀ bíi mélòó kan kọjá tí wọn kò fi dé poligono, Ọ̀gá nìkan ni wọ́n sì ń gbé lọ sí báńkì. Òróró ólífì tó bá pẹ́ nínú irin máa ń ki, á sì fa eruku àti èérún bísíkíìtì mọ́ra.

Mo bá wọn lọ lọ́jọ́ ìdánwò. Àwọn ẹbí ń dúró lẹ́yìn gíláàsì. Renzo náà wà níbẹ̀, ó ti ṣe tirẹ̀ tán. Mo rí Bàbá Àgbà bí wọ́n ti ń to ọta sínú Fẹ̀sọ̀. Wọ́n dáwọ́ dúró. Wọ́n gbé ìka wọn sí imú. Wọ́n fi áńkáṣíìfù nu ohun tí wọ́n lè nù, wọ́n sì bọ́ síwájú nítorí pé wọ́n ti pe orúkọ wọn.

Ọ̀gá ṣiṣẹ́ dáadáa. Wọ́n pààrọ̀ rẹ̀, wọ́n ti Fẹ̀sọ̀ bọ̀ ọ́. Ọta kan jáde. Èkejì há. Wọ́n tú u, ó tún há. Direttore wá sí ẹ̀gbẹ́ wọn.

"Ilé ọta olówó pọ́ọ́kú yìí ni," ni direttore wí. Ènìyàn jẹ́jẹ́ ni, ó fẹ́ràn Bàbá Àgbà. "Tó bá jẹ́ irin ló bàjẹ́, ẹ̀bi yín kọ́. Ẹ yá òmíràn, ẹ tún un ṣe báyìí. Màá kàn kọ ọ́ pé irú èyí kò gbọdọ̀ wọ ibí mọ́."

Renzo ti na tirẹ̀ sí wọn, èyí tó lórúkọ. "Nonno, ẹ gbà. Ó yá!"

Kí Bàbá Àgbà kàn sọ pé bẹ́ẹ̀ ni, ó tán. Mo ń fi ojú bẹ̀ wọ́n láti ẹ̀yìn gíláàsì. Àmọ́ mẹ́ta nínú àwọn sikiọ́rítì tó jókòó síbẹ̀ lọ́jọ́ náà, ilé ọta tí kò lórúkọ yẹn ló wà nínú ìbọn wọn, ọ̀rọ̀ Bàbá Àgbà ni wọ́n sì gbà tí wọ́n fi rà á. Bàbá Àgbà ní irin kò bàjẹ́. Direttore gba Fẹ̀sọ̀ lọ́wọ́ wọn, ó gbé e sún mọ́ ojú, ó yí imú padà.

"Kí lèyí? Òróró ìsáládì! Ta ló fi sí i?"

Ọ̀rọ̀ náà le. Òfin ibẹ̀ ni pé ohun ìbọn kankan kò gbọdọ̀ wà níbi tí ọwọ́ ẹlòmíràn ti lè tó o. Bí sikiọ́rítì bá ní ìyàwó òun ló fọwọ́ kàn án, ìwé àṣẹ lè lọ lójú ẹsẹ̀, wọ́n sì lè ránṣẹ́ pe ìyàwó náà láti wá rojọ́.

"Èmi ni," ni Bàbá Àgbà wí.

"Ẹ̀yin? Pẹ̀lú bí ẹ ti pẹ́ lẹ́nu iṣẹ́ yìí tó?"

"Epo ìbọn tán nílé. Mo rí òróró níbi tí wọ́n ti ń dáná."

Àwọn ènìyàn rẹ́rìn-ín. Ẹnì kan bèèrè bóyá wọ́n fi iyọ̀ sí i. Renzo nìkan ni kò rẹ́rìn-ín, ó ń wo Bàbá Àgbà bí ẹni tí kò gbà wọ́n gbọ́. Direttore mi orí, ó ní ẹni tí kò lè tọ́jú ìbọn rẹ̀ kò yege, kí wọ́n lọ, kí wọ́n padà wá lẹ́yìn oṣù kan, àti pé bí wọn kò bá yege lẹ́ẹ̀kejì, ọ̀rọ̀ náà kò ní sí lọ́wọ́ òun mọ́. Títí di ìgbà náà, kò sí báńkì.

A rìn dé ibi tí a ti ń wọ bọ́ọ̀sì. Mo wá bi wọ́n pé kí ló dé tí wọn kò jẹ́ kó jẹ́ irin ló bàjẹ́.

"Irin ò bàjẹ́."

"Bàbá Àgbà, ẹ mọ ẹni tó fi òróró sí i."

"Mo mọ̀ ọ́n. Ìwọ náà mọ̀ ọ́n." Wọ́n di ilẹ̀kùn bọ́ọ̀sì mú kí n lè wọlé. "Nínú èmi, Mọ́mì Àgbà rẹ àti Fẹ̀sọ̀, èmi nìkan ni mo lẹ́nu níbẹ̀."

Mọ́mì Àgbà ti ń dúró dè wá lẹ́nu ọ̀nà.

"Báwo ló rí?"

"Wọ́n ní ká padà wá."

"Ha! Ogun yìí mà le o. Òróró yẹn ò tíì tó."

"Ó tó, Ìyá Túndé," ni Bàbá Àgbà wí. "Mo fi Ọlọ́run bẹ̀ ọ́, ó tó."

Oṣù tó tẹ̀ lé e gùn. Bàbá Àgbà jókòó sílé pẹ̀lú aṣọ iṣẹ́ wọn tí wọ́n lọ̀ tí wọ́n sì gbé kọ́. Èmi àti wọn tú Fẹ̀sọ̀ àti Agídí palẹ̀ lórí tábìlì oúnjẹ nígbà tí Mọ́mì Àgbà wà níbi iṣẹ́. A fa sípíríǹgì jáde, a fọ irin náà, a fi àkísà signora Bruna nù ún títí ó fi gbẹ táútáú. Agolo bísíkíìtì padà sí bísíkíìtì. Bàbá Àgbà sọ fún Mọ́mì Àgbà pé àwọn ọlọ́pàá ló pàṣẹ pé kí gbogbo rẹ̀ máa wọ inú àpótí irin. Mi ò rí ìgbà míì tí wọ́n parọ́ fún Mọ́mì Àgbà. Mi ò sì lè sọ pé kò sí.

Àárọ̀ ọjọ́ ìdánwò kejì dé. Bàbá Àgbà ti wọṣọ tán, àpótí ti wà lọ́wọ́ wọn. Mọ́mì Àgbà dúró sẹ́nu ilẹ̀kùn pẹ̀lú ìgò òróró.

"Ẹ ṣí i, Bàbá Túndé. Ẹ kó wọn jáde kí n fi sí wọn lára. Ní tòní, màá da gbogbo rẹ̀ sí i."

Bàbá Àgbà wo ojú mi. Èmi wo ilẹ̀. Kọ́kọ́rọ́ wà lọ́wọ́ wọn, ojú ìyàwó wọn sì ń ṣe omi. Bí wọ́n bá ní rárá, wọ́n ní láti sọ ìdí rẹ̀, Mọ́mì Àgbà á sì mọ ohun tí ìfẹ́ wọn ti fà. Bàbá Àgbà gbé àpótí sílẹ̀. Wọ́n ṣí fìlà. Wọ́n tẹrí ba níwájú Mọ́mì Àgbà, orí pípá tí iná yàrá ń tàn sí.

"Ìbọn ò mọ ẹni tó ń gbàdúrà fún un, Ìyá Túndé. Èmi mọ̀. Dà á síbí."

Mọ́mì Àgbà dà á. Mo ti ní wọn kì í ṣahun òróró. Ó ṣàn dé ẹ̀yìn ọrùn, ó dé kọ́là.

Nínú bọ́ọ̀sì, Bàbá Àgbà fi ọwọ́ méjèèjì hàn mí pé ó gbẹ. Ní poligono, ohun tí a fi ń dí etí nítorí ariwo ìbọn kò dúró lórí wọn. Bí wọ́n bá gbé e sí i, á yọ̀ bọ́ sí ọrùn. Renzo, tó gba ààyè lẹ́nu iṣẹ́ nítorí tiwọn, ló bá wọn fi okùn so ó. Direttore wò wọ́n títí.

"Signore, ṣé ooru ń mú yín?" Òtútù ṣì wà nílẹ̀ nígbà náà.

"Rárá o. Ìyàwó mi ló ń gbàdúrà fún mi."

Direttore wo orí tó ń dán náà. Ó gbé Fẹ̀sọ̀ nílẹ̀, ó gbóòórùn rẹ̀, kò gbọ́ nǹkan kan. Ó tún wo orí náà. Mi ò lè jẹ́rìí pé ó yé e. Mo lè jẹ́rìí pé ó gbé Fẹ̀sọ̀ padà síwájú wọn jẹ́jẹ́, ó ní, "Ẹ máa bá a lọ."

Ọ̀gá ṣiṣẹ́. Fẹ̀sọ̀ ṣiṣẹ́. Agídí ṣiṣẹ́. Ìbọn ṣí sílẹ̀ fúnra rẹ̀ lẹ́yìn ọta ìkẹyìn, bó ṣe yẹ kó ṣe, direttore sì bu ọwọ́ lùwé. Bàbá Àgbà padà sí báńkì, wọ́n dúró síbẹ̀ títí àkókò ìfẹ̀yìntì wọn fi pé. Ní ti òróró, ìgbà kan ó já wọn kulẹ̀, ìgbà kan wọ́n yege pẹ̀lú rẹ̀. Èmi tí mo kọ́ ìṣirò mọ̀ pé ẹ̀ẹ̀mejì kò tó láti fi mú ọ̀rọ̀ kankan dúró.

Nígbà tí a jáde, oòrùn bọ́ sí wọn lórí, ó ń tàn yànrànyànràn. Àwọn tó ń kọjá ń yíjú wò wọ́n. Renzo fa áńkáṣíìfù rẹ̀ yọ, ó nà án sí wọn.

"Nonno, ẹ nù ún, ẹ jọ̀wọ́. Ẹ ò lè wọ bọ́ọ̀sì báyìí."

Bàbá Àgbà ti áńkáṣíìfù náà padà, wọ́n sì mú fìlà dání lọ́wọ́.

"Fi sílẹ̀. Ẹni tó fi sí i ló máa nù ún."